ÌRÒNÚ ÒWÚRỌ̀: ǸJẸ́ IDÌ NI ẸYẸ YẸN?

Bíbélì kíkà wa fún òwúrọ̀ yìí ni Àìsáyà orí 40, ẹsẹ 27 sí 31. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ ka Léfítíkù orí 11, ẹsẹ 13 sí 19 mọ́ ọn. Ẹni tó bá ń sáré lọ síbi iṣẹ́ lè kà á nínú ọkọ̀. (Ẹ̀yin dírẹ́bà kọ́ ni mò ń bá wí o!)

Kí n tó sọ ohunkóhun, mo fẹ́ tọrọ àforíjì. Ó ti tó ọjọ́ mẹ́ta tí ọ̀rọ̀ yìí ti ń jẹ mí lọ́kàn, ojú ló ń tì mí láti kọ ọ́.

Ẹ̀yin tí ẹ ti pẹ́ pẹ̀lú wa á rántí ìwàásù kan tí mo ṣe níbi ìsọjí, tí mo pè ní “Ìsọdọ̀tun Idì.” Mo ní bí idì bá ti pé 40 ọdún, àgógó rẹ̀ á ti tẹ̀, èékánná rẹ̀ á ti gùn jù, ìyẹ́ apá rẹ̀ á ti wúwo. Mo ní á fò lọ sórí àpáta, á máa fi àgógó gbá òkúta títí àgógó náà á fi já. Á dúró kí òmíràn hù, á wá fi àgógó tuntun fa èékánná rẹ̀ tu, á sì fi èékánná tuntun fa ìyẹ́ rẹ̀ tu. Mo ní 150 ọjọ́ ni gbogbo rẹ̀ máa ń gbà, lẹ́yìn náà idì á tún lo 30 ọdún mìíràn láyé.

Ìjọ hó gèè. Àwọn kan dìde, àwọn kan ń ju áńkáṣíìfù sókè. Wọ́n ká ohùn mi sílẹ̀, wọ́n sì fi ránṣẹ́ káàkiri. Kò pẹ́ tí ẹnìkan láti Lọ́ndọ̀nù fi ohùn èmi fúnra mi ránṣẹ́ padà sí mi pé kí n gbọ́ ọ, pé á bù kún mi.

Ẹ̀yin ará, irọ́ ni. Kò sí idì kankan lábẹ́ ọ̀run tó ń ṣe bẹ́ẹ̀. Orí fóònù ni èmi náà ti kà á, ó dùn mọ́ mi, mi ò wádìí, mo kàn gbé e gun pẹpẹ. Ẹyẹ tí àgógó rẹ̀ bá já tán, ebi ló máa pa á, nítorí kí ló fẹ́ fi ya ẹran jẹ? Àgógó àti èékánná ẹyẹ dà bí èékánná ọwọ́ tiwa ni. Wọ́n ń hù lójoojúmọ́, wọ́n sì ń jẹ lójoojúmọ́ níbi tí ẹyẹ náà ti ń lò wọ́n. Ọ̀rọ̀ 70 ọdún yẹn ńkọ́? Ní Amẹ́ríkà, wọ́n máa ń fi òrùka sí ẹsẹ̀ idì kí wọ́n lè mọ ọjọ́ orí rẹ̀. Nínú àwọn idì olórí funfun wọn tó ń gbé inú igbó, èyí tó dàgbà jù tí a gbọ́ nípa rẹ̀ ni èyí tí wọ́n fi òrùka sí lẹ́sẹ̀ ní 1977, tí mọ́tò wá pa ní ìpínlẹ̀ New York ní 2015. Ọmọ ọdún 38 ni. Kò tilẹ̀ pé 40 tí mo ní kó lọ fọ́ àgógó.

Ẹnìkan lè sọ pé, “Ajíhìnrere, àpèjúwe lásán kọ́ ni? Kí ló burú níbẹ̀?” Ohun tó burú níbẹ̀ rèé.

Arábìnrin kan wà nínú ìjọ wa, aránṣọ ni. Mo ti gba ìyọ̀ǹda lọ́wọ́ wọn kí n tó kọ èyí, wọ́n ní kí n ṣá má dárúkọ àwọn. Oṣù tí mo ṣe ìwàásù yẹn gan-an ni wọ́n pé 40 ọdún. Wọ́n jókòó ní ìlà kẹta, wọ́n gbọ́ “40 ọdún,” ara wọn bù máṣọ. Wọ́n ní Ọlọ́run ń bá àwọn sọ̀rọ̀. Wọ́n délé, wọ́n gbààwẹ̀ ọjọ́ mẹ́ta, wọ́n sì ta ẹ̀rọ ìránṣọ wọn méjèèjì. Wọ́n ní kí àwọn ọmọ tó ń kọ́ṣẹ́ lọ́dọ̀ wọn máa lọ sílé. Wọ́n ti ṣọ́ọ̀bù pa. Wọ́n ka 150 ọjọ́ lórí kàlẹ́ńdà, wọ́n ń fi bírò pa á rẹ́ níkọ̀ọ̀kan. Àwọn oníbàárà wọn gba ọ̀dọ̀ ẹlòmíràn lọ, onílé sì fi ṣọ́ọ̀bù fún ẹni tó ń ta káàdì fóònù.

Ní ọjọ́ kejì tí 150 ọjọ́ pé, wọ́n wá bá mi lẹ́yìn ìsìn. Wọn ò bínú o. Ì bá sàn kí wọ́n bínú. Wọ́n kàn ní, “Ajíhìnrere, mo ti ṣe bí idì ti ṣe. Kí ló kù?”

Ẹnu mi wúwo. Mo ní kí a gbàdúrà, a gbàdúrà, wọ́n lọ. Mi ò sùn mọ́jú.

Bàbá kan wà nínú ìjọ wa tí wọ́n ti fẹ̀yìn tì lẹ́nu iṣẹ́ olùkọ́. Ẹ̀kọ́ nípa ohun abẹ̀mí ni wọ́n ń kọ́ àwọn ọmọ ní sẹ́kọ́ńdìrì. Ọ̀dọ̀ wọn ni mo gbà lọ. Wọ́n kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín nígbà tí mo sọ ìtàn idì náà, àmọ́ nígbà tí mo dé orí ẹ̀rọ ìránṣọ, ẹ̀rín tán. Wọ́n ní, “Ọmọ mi, ṣé o tiẹ̀ ti rí idì rí?”

Mo ní, “Ẹ̀n-hẹ́n bàbá, ó wà lórí àmì orílẹ̀-èdè wa, èyí tó pupa yẹn. Ó wà lórí aṣọ agbábọ́ọ̀lù wa náà.”

Wọ́n ní, “Mo ní ṣé o ti fi ojú ara rẹ rí i.”

Mo rántí pé ojoojúmọ́ ni ẹyẹ ńlá kan ń yí lókè ọjà wa lọ́dọ̀ àwọn alápatà. Mo na ọwọ́ sí i. Àní òun ni mo ya fọ́tò rẹ̀ tí mo fi ṣe pátákó ìpolówó ìsọjí yẹn! Bàbá gbójú sókè, wọ́n ní, “Àwòdì nìyẹn. Wo ìrù rẹ̀.” Mo wò ó. Lóòótọ́, ìrù rẹ̀ là díẹ̀ láàárín bí ìrù ẹja, ó sì ń yí i sọ́tùn-ún sósì bí ẹni ń fi ìtọ́kọ̀ darí ọkọ̀ ojú omi. Àgógó rẹ̀ pọ́n bí ọ̀bẹ̀dẹ̀ ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn. Gbogbo ara rẹ̀ rí bí ilẹ̀. Òun ló máa ń já wálẹ̀ gbé òròmọdìẹ, òun náà ló ń já ẹran gbà lọ́wọ́ ọmọdé. Bàbá ní ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn la máa ń rí i dáadáa lọ́dọ̀ tiwa, bí òjò bá ti ń dé, á gba ìhà àríwá lọ. Mo rántí Jóòbù orí 39, níbi tí Ọlọ́run ti bi Jóòbù bóyá ọgbọ́n tirẹ̀ ni àṣá fi ń na ìyẹ́ sí ìhà gúúsù. Mo ti ka ẹsẹ yẹn láìmọye ìgbà, mi ò mọ̀ pé ẹyẹ tó ń rìnrìn àjò bẹ́ẹ̀ wà lórí ọjà wa.

Àwọn àgbà ní àwòdì òkè ò mọ̀ pé ará ilẹ̀ ń wo òun. Èmi tiẹ̀ ń wò ó, mi ò mọ ohun tí mò ń wò.

Ní Sátidé tó tẹ̀ lé e, bàbá mú mi lọ sí etí ọ̀sà ní ìhà Ẹ̀pẹ́. Wọ́n ní kí n mú omi dání, kí n sì pa ẹnu mọ́. A jókòó. Nígbà tó ṣe, ẹyẹ ńlá kan bà lórí ọ̀pẹ, orí rẹ̀ funfun báláú, àyà rẹ̀ funfun, apá rẹ̀ dúdú. Mi ò lè pa ẹnu mọ́ mọ́. Mo ní, “Idì rèé! Bàbá, ẹ wò ó!”

Wọ́n ní, “Fara balẹ̀. Irú ìrù wo ló ní?”

Mo ní, “Dúdú ni, funfun díẹ̀ wà létí rẹ̀.”

“Ikùn rẹ̀ ńkọ́?”

“Funfun.”

“Ojú rẹ̀?”

Mo wò ó dáadáa. Awọ ojú rẹ̀ pupa rúsúrúsú, kò ní ìyẹ́ níbẹ̀. Bàbá ní, “Ó dáa. Kí ló ń jẹ?”

Ẹ̀yin ará, ẹyìn ló ń jẹ! Ẹyìn ọ̀pẹ, èyí tí à ń fi ṣe epo pupa. Ó fi ẹsẹ̀ kan tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀, ó ń fi àgógó bó o jẹ. Bàbá ní, “Igún ni o. Irú igún kan tó fẹ́ràn ọ̀pẹ ju òkú ẹran lọ ni. Ọ̀pọ̀ ènìyàn tó mọ̀wé gan-an ti rí i lókèèrè, tí wọ́n pè é ní idì.”

Ó tó wákàtí kan lẹ́yìn ìyẹn kí idì tó dé. Àwa gbọ́ ọ ká tó rí i. Ó gbé orí sẹ́yìn, ó ké, igbe yẹn la ojú omi kọjá dé òdìkejì. Idì tó ń pẹja ni. Orí rẹ̀ funfun, àyà rẹ̀ funfun, bíi ti ti ìṣáájú gẹ́lẹ́. Ṣùgbọ́n ìrù rẹ̀ funfun tán pátá, ikùn rẹ̀ pọ́n bí igi ìrókò tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ là, èékánná rẹ̀ sì tẹ̀ kọdọrọ bí ìwọ̀ ẹja. Bàbá ní ká wo ẹsẹ̀ dáadáa, pé ẹsẹ̀ ni ẹ̀rí tó dájú jù. Idì ń fi ẹsẹ̀ pa nǹkan, nítorí náà ẹsẹ̀ rẹ̀ lágbára, èékánná rẹ̀ mú. Igún kì í pa nǹkan, òkú ló ń bá nílẹ̀, nítorí náà ẹsẹ̀ rẹ̀ wà fún ìrìn, èékánná rẹ̀ kò mú tó bẹ́ẹ̀. Wọ́n tún ní kí n má fi àwọ̀ nìkan dá ẹyẹ mọ̀, torí ọmọ idì yìí kì í funfun lórí bẹ́ẹ̀ ní kékeré. Gbogbo ara rẹ̀ máa ń rí bí ilẹ̀ pẹ̀lú funfun tó dà bí ẹni fi ìgbálẹ̀ ta ẹfun sí i, ó sì tó nǹkan bí ọdún márùn-ún kó tó dà bí ìyá rẹ̀.

(Ẹ̀yin ìyá, bàbá ní abo idì ló máa ń tóbi ju akọ lọ. Mi ò sọ nǹkan kan o.)

Bí a ṣe ń padà bọ̀, wọ́n fi òmíràn hàn mí lórí òpó iná lẹ́bàá títì. Ó dúdú, ìyẹ́ orí rẹ̀ gùn, atẹ́gùn ń fẹ́ ẹ bí ìgbà tí etí fìlà bá ń jù. Idì ni òun náà, àmọ́ kékeré ni, eku ló ń dọdẹ. Mo ti gba abẹ́ irú ẹyẹ yẹn kọjá bóyá ìgbà ọgọ́rùn-ún pẹ̀lú Bíbélì lọ́wọ́, mò ń lọ wàásù nípa idì.

Ọ̀rọ̀ tí ó wá tún mi ṣe jù nìyí, ó sì lè ya yín lẹ́nu. Nígbà tí mo délé, mo gbé ìwé tí mo fi kẹ́kọ̀ọ́ dípúlómà nílé ẹ̀kọ́ Bíbélì jáde. Ọ̀rọ̀ Hébérù tí wọ́n túmọ̀ sí idì nínú Àìsáyà 40 ni nẹ́ṣẹ̀rì. Olùkọ́ wa ti sọ ọ́ nígbà náà, bóyá mo ń tòògbé ni. Nẹ́ṣẹ̀rì kì í ṣe idì nìkan. Wọ́n máa ń pe igún ńlá ilẹ̀ Ísírẹ́lì bẹ́ẹ̀ pẹ̀lú, èyí tí orí àti ọrùn rẹ̀ kò ní ìyẹ́ gidi. Ẹ wo Míkà orí 1 ẹsẹ 16: wòlíì ní kí àwọn ènìyàn fá orí wọn nítorí ọ̀fọ̀, kí orí wọn pá gbòòrò bíi ti nẹ́ṣẹ̀rì. Idì wo lẹ rí tó párí? Igún ló párí.

Ẹ má sọ òkúta lù mí o. Mi ò ní ká máa gbàdúrà pé ká dà bí igún. Idì tó wà nínú Bíbélì Yorùbá wa kò ṣìnà. Mo kàn ń sọ pé ẹyẹ tí Àìsáyà ń wò lókè àpáta lọ́jọ́ náà lè jẹ́ èyí tí èmi àti ẹ̀yin á tutọ́ sí bí ó bá bà sórí òrùlé wa. Àbí ẹ mọ̀ pé nínú gbogbo ẹyẹ, èyí tí a ní ẹ̀rí pé ó fò ga jù, igún ni? Ní 1973, lókè Abidjan níbí ní Ìwọ̀ Oòrùn Áfíríkà, ọkọ̀ òfuurufú kọlu igún ńlá kan ní ibi tó ju 11,000 mítà lọ sókè. Igún tó wọ́pọ̀ nílẹ̀ wa gan-an ti fẹ́rẹ̀ẹ́ parun, láti 2015 ni àwọn onímọ̀ ti kà á mọ́ àwọn tó wà nínú ewu jù lọ, lára ohun tó fà á sì ni àwọn tó ń pa á ṣe oògùn. Ẹ̀yin tí wọ́n ní kí ẹ wá orí igún wá, ẹ mọ ohun tí mò ń bá yín wí.

Ohun tí bàbá fi hàn mí létí ọ̀sà ni kó jẹ́ kí n padà sórí Àìsáyà. A débẹ̀ ní nǹkan bí aago méje àárọ̀. Igún mẹ́ta wà lórí igi gbígbẹ kan lókèèrè, wọ́n jókòó kalẹ̀, ọ̀kan na ìyẹ́ méjèèjì síta bí ẹni sá aṣọ. Mo ní, “Ọ̀lẹ ni àwọn yìí.” Bàbá ní rárá. Wọ́n ní ẹyẹ tó wúwo bẹ́ẹ̀, bí ó bá fi agbára apá fò látàárọ̀ ṣúlẹ̀, á kú. Ó gbọ́dọ̀ dúró kí oòrùn ràn, kí ilẹ̀ gbóná, kí atẹ́gùn gbígbóná bẹ̀rẹ̀ sí í gòkè láti ilẹ̀. Nígbà yẹn ni á na apá, tí á wọ inú atẹ́gùn náà, tí á máa yí po, yí po, yí po, láìju apá, títí a ò fi ní rí i mọ́. Nígbà tó fi máa di aago mẹ́wàá, mo wo igi yẹn, kò sí ẹnìkan lórí rẹ̀ mọ́. Mo wo òkè, wọ́n ti kéré bí eṣinṣin.

Mo ti wàásù Àìsáyà 40:31 ní ogún ìgbà, gbogbo rẹ̀ ni mo fi pariwo agbára. Ẹsẹ náà bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú àwọn tó dúró de Olúwa. Ẹyẹ yẹn kò fọ́ ara rẹ̀. Kò ta ohun tó fi ń jẹun. Ó wà lórí ẹ̀ka rẹ̀ pẹ̀lú apá rẹ̀ méjèèjì, ó ń retí ohun tí òun fúnra rẹ̀ kò lè ṣe.

Orin Dáfídì 103 ẹsẹ 5 ńkọ́, tó sọ̀rọ̀ ìgbà èwe tí ń di ọ̀tun bíi ti idì? Òótọ́ ni, Bíbélì kò purọ́, èmi ni mo bù mọ́ ọn. Idì ń pààrọ̀ ìyẹ́ lóòótọ́. Àmọ́ díẹ̀díẹ̀ ni. Ọ̀kan á já níhìn-ín, òmíràn á já lọ́hùn-ún, tuntun á hù sí ipò wọn kí àwọn yòókù tó já. Nínú àwọn idì ńlá, ó lè ju ọdún kan lọ kí gbogbo ìyẹ́ apá tó di tuntun tán, kò sì sí ọjọ́ kan láàárín rẹ̀ tí kò lè fò. Ó ń fò, ó ń dọdẹ, ó ń bọ́ ọmọ, ó sì ń di ọ̀tun. Aránṣọ wa ì bá máa ranṣọ lọ.

Mo ti lọ bá wọn nílé, mo kúnlẹ̀. Èmi àti ìyàwó mi, mo sọ òtítọ́ fún wọn níwájú ọkọ wọn pé ohun tí mo wàásù kì í ṣe láti ọ̀run, orí fóònù ni mo ti rí i. Ọkọ wọn kò sọ̀rọ̀, ó wò mí títí. Mi ò dá a lẹ́bi. Àwọn ni wọ́n ní kí n dìde. A ti ra ẹ̀rọ kan padà fún wọn, alo-díẹ̀ ni, alẹ́sẹ̀ ni, owó tí mo ń tọ́jú fún ọ̀kadà ni mo fi sí i, bàbá náà sì ṣe ìrànwọ́. Ó ku ọ̀kan. Nínú yàrá iwájú ilé wọn ni wọ́n ti ń ranṣọ báyìí. Ọmọ iṣẹ́ kan ti padà.

Ẹ jọ̀wọ́, bí ohùn “Ìsọdọ̀tun Idì” bá wà lórí fóònù yín, ẹ pa á rẹ́. Bí ẹ bá ti fi ránṣẹ́ sí ẹnikẹ́ni, ẹ fi èyí ránṣẹ́ sí onítọ̀hún lónìí. Bí ẹnìkan bá sì wà tó ti ṣe ìpinnu ńlá nítorí ìwàásù yẹn, tó ta nǹkan, tó fi iṣẹ́ sílẹ̀, tó já ìgbéyàwó sílẹ̀, ẹ pè mí. Ẹ má rò pé ẹ ń yọ mí lẹ́nu. Fóònù mi á wà ní títàn látàárọ̀ dalẹ́.

Ẹ jẹ́ ká gbàdúrà: Baba, dárí jì mí, èmi tí mo fi ọ̀rọ̀ dídùn pò mọ́ ọ̀rọ̀ Rẹ. Ẹni tó jókòó sórí ẹ̀ka láàárọ̀ yìí tí oòrùn rẹ̀ kò tíì ràn, má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni tì í bọ́ sílẹ̀. Jẹ́ kí ẹ̀rọ kejì arábìnrin wa dé kí ọdún tó parí. Ní orúkọ Jésù. Àmín.